Ìdí Tí Àwáwù Kò Lè Sọ ní Kóòtù

Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, 6 Jánúárì 1981

Mo dé Ṣakí lánàá. Ètè mi ti là. Ọyẹ́ ibí yìí kì í ṣe ohun tí à ń pè ní ọyẹ́ ní Ẹ̀pẹ́. Tiwa a máa kí ènìyàn kọjá ni. Tibí a máa wọlé jókòó. Eruku pupa wà nínú etí mi, nínú bàtà mi, nínú ìwé òfin tí mo fi aṣọ wé.

Ọ̀sẹ̀ mẹ́fà ni ilé-ìwé ní kí n lò ní kóòtù ìbílẹ̀ níbí, kí n máa wo bí wọ́n ti ń dájọ́, kí n sì kọ ohun tí mo bá rí. Akẹ́kọ̀ọ́ òfin ọlọ́dún kejì ni mí. Nínú gbogbo kíláàsì wa, èmi nìkan ni wọ́n rán wá sí ìhà ibí. Àwọn tó mọ ènìyàn lọ sí Ìbàdàn. Èmi mọ ìwé.

Akọ̀wé kóòtù, Ọ̀gbẹ́ni Ládòkun, mú mi wọlé lọ rí Alága tó ń dájọ́. Gbogbo ọ̀rọ̀ tí mo ti ń tò nínú ọkọ̀ láti Ọ̀yọ́ gbẹ mọ́ mi lẹ́nu. Ọ̀sán ti pọ́n gan-an. Mo dọ̀bálẹ̀, mo ní, "Ẹ káàárọ̀, sà." Alága yọjú wo oòrùn lójú fèrèsé. Ó wúkọ́. Ó ní, "Ẹ̀pẹ́ jìnnà lóòótọ́. Ilẹ̀ ò tíì mọ́ lọ́dọ̀ wọn." Wọ́n rẹ́rìn-ín. Èmi náà rẹ́rìn-ín. Ètè mi tún là sí i.

Ọjọ́rú, 7

Kò sí ẹni tó bá mi sọ̀rọ̀ lónìí àfi ewúrẹ́ kan. Òun náà kò dúró gbọ́ èsì.

Ọjọ́bọ̀, 8

Kóòtù jókòó. Àga kékeré kan ni wọ́n fún mi lẹ́yìn Akọ̀wé, ní igun tí wọ́n ń kó ìgbálẹ̀ sí tẹ́lẹ̀. Wọ́n kó ìgbálẹ̀ kúrò nítorí mi. Mo gbà á bí oyè.

Ìkọ̀sílẹ̀ ni gbogbo ẹjọ́. Mo ti ṣí ìwé mi sí orí kẹta, mo fa ìlà pupa sábẹ́ àwọn ohun tó lè tú ìgbéyàwó ká: panṣágà, kí ẹnì kan pa ẹnì kejì tì, ìwà ìkà tí ènìyàn kò lè fara dà, kí wọ́n ti máa gbé lọ́tọ̀ọ̀tọ̀ fún ọdún gbọọrọ. Mo dúró kí ẹnì kan dárúkọ ọ̀kan.

Obìnrin àkọ́kọ́ ní ọkọ òun máa ń bá rédíò sọ̀rọ̀ ṣùgbọ́n kì í bá òun sọ̀rọ̀. Ọkùnrin tó tẹ̀ lé e ní ìyàwó òun fi orúkọ bàbá òun pe ajá. Ìyàwó ní ajá ló kọ́kọ́ ń jẹ́ ẹ. Mo wá panṣágà títí, n kò rí i. Mo fẹ́ bi Akọ̀wé léèrè bóyá irú ìdí báyìí wà nínú òfin. Mo la ẹnu. Mo pa á dé. Ó rò pé mò ń yán.

Mo ti sọ Alága ní Baba Ìwúkọ́. Bí ó bá fẹ́ dájọ́, á wúkọ́ lẹ́ẹ̀kan. Bí ó bá wúkọ́ lẹ́ẹ̀mejì, kí àwọn olùpẹjọ́ di ẹrù wọn, ó fẹ́ ní kí wọ́n lọ tún ọ̀rọ̀ sọ nílé.

Ọjọ́ Àbámẹ́ta, 10

Lónìí mo ní ọ̀rẹ́. Kí n má ṣe àṣejù: lónìí ẹnì kan fún mi ní òrí.

Inú agbo ilé Alhaji Ràmọ́nì ni mo wọ̀ sí. Òun ni baálé níbẹ̀, Baálé náà ni gbogbo wọn ń pè é. Yàrá tó kọjú sí tèmi ni ti Ìyá Mùstàfá. Àwáwù ni orúkọ rẹ̀ gan-an. Mùstàfá ọmọ rẹ̀ wà ní Okaka, ó ń kọ́ iṣẹ́ télọ̀. Òrí ni obìnrin yìí ń ṣe tà. Á yan kóró rẹ̀, á gún un, á wá fi ọwọ́ po ó nínú omi láti àárọ̀ títí yóò fi funfun bí ìfóòfó. Apá rẹ̀ ń dán. Èmi wà lẹ́nu ọ̀nà yàrá mi, mò ń ṣe bí ẹni tó ń kàwé.

Ó ní, "Ọmọ Ẹ̀pẹ́, ètè rẹ ti dà bí ilẹ̀ ọ̀dàn. Na ọwọ́."

Mo nawọ́. Ó fi òrí tó tutù sí i.

"Ṣé o máa ń sọ̀rọ̀ ṣá?"

Mo ní bẹ́ẹ̀ ni.

"Sọ òmíràn."

N kò rí òmíràn sọ. Ó rẹ́rìn-ín títí, ó bu ọkà àti ọbẹ̀ ilá fún mi. Oúnjẹ gidi àkọ́kọ́ tí mo jẹ ní ìlú yìí nìyẹn.

Lẹ́yìn èyí ni ọkọ rẹ̀ wọlé. Ràsáàkì. Ó ń tún kẹ̀kẹ́ ṣe lẹ́bàá ọ̀nà tó lọ sí ẹnubodè. Ọ̀dọ́mọkùnrin ni, kò fi bẹ́ẹ̀ jù mí lọ; àbúrò rẹ̀ ni mo rò pé ó jẹ́ kí ẹnì kan tó sọ fún mi pé ọkọ ni. Ó wólẹ̀, ó fi ìka kan ilẹ̀: "Ẹ kú iṣẹ́ o." Obìnrin náà dáwọ́ dúró, ó kúnlẹ̀, ó gbé àwo kalẹ̀ níwájú rẹ̀: "Eyínmẹ́nugún, ẹ wá jẹun." Òun ni orúkọ tó ń pè é. N kò rí irú rẹ̀ rí. Ọkọ wólẹ̀, ìyàwó kúnlẹ̀, oúnjẹ wà láàárín wọn, ń tutù.

Ọjọ́ Ajé, 12

Ìyá Mùstàfá bi mí pé, "Lọ́yà, kí ni wọ́n máa ń bi obìnrin ní kóòtù?"

Lọ́yà! Mo fẹ́rẹ̀ẹ́ wẹ̀yìn wò bóyá ẹlòmíràn wà níbẹ̀.

Ọjọ́rú, 14

Ó sọ ọ́ fún mi lónìí, bó ti ń po òrí, kò gbójú sókè. Bóyá nítorí pé àlejò ni mí. Bóyá nítorí pé mo máa ń dákẹ́. Àwọn ènìyàn máa ń rò pé ẹni tó dákẹ́ gbọ́n.

Ọmọge ni nígbà tí wọ́n gbé e ní ìyàwó wá láti Àgọ́-Àrẹ. Kì í ṣe fún Ràsáàkì. Fún ẹ̀gbọ́n Ràsáàkì ni. Ràsáàkì fúnra rẹ̀ ń rákòrò nígbà náà. Ìyá wọn ń ṣàìsàn, kò pẹ́ tó fi kú. Nítorí náà ìyàwó tuntun ló gbé ọmọ náà pọ̀n. "Kí n tó bí tèmi ni ẹ̀yìn mi ti mọ ọmọ." Ṣùgbọ́n ọmọ náà ti wà nínú ilé kí òun tó dé. Nípa ti àṣà, ọkọ rẹ̀ ni, kò gbọdọ̀ pe orúkọ rẹ̀. Ó wá fún un ní Eyínmẹ́nugún, nítorí eyín mélòó kan tó ṣẹ̀ṣẹ̀ yọ sí i lẹ́nu. "Ọkọ mi kékeré. Bẹ́ẹ̀ la fi ń ṣeré. Eré ni, Lọ́yà."

Ọkọ gidi wá kú. Ó ṣe opó rẹ̀ tán. Ẹbí jókòó. Baálé ní opó ilé àwọn kì í lọ síta, wọ́n sì ṣú u fún àbúrò òkú. Fún ọmọ tó pọ̀n.

"Kò tíì fọwọ́ kàn mí rí. Ó tó ọdún méjì. Ó ń sùn sí ṣọ́ọ̀bù. Bí ó bá tilẹ̀ fọwọ́ kàn mí, màá na ìdí rẹ̀ bí mo ṣe máa ń nà án nígbà tó bá jẹ yẹ̀pẹ̀."

Ó yẹ kí a rẹ́rìn-ín. A ò rẹ́rìn-ín.

Baálé sì ti ń bínú pé kò sí oyún. Ó ti sọ ọ́ ní gbangba: bí kò bá sí nǹkan kan títí àwẹ̀ yóò fi dé, ó hàn pé ọmọdé kò mọ ọ̀nà, òun fúnra òun yóò gbà á. Baálé ní ìyàwó mẹ́ta. Ìyá Mùstàfá ní ó ti ń kí òun bí ẹni tó ń wo ilẹ̀ tó fẹ́ rà. Bí ó bá kó ẹrù lọ sí Àgọ́-Àrẹ lásán, ìyàwó ilé wọn ló ṣì jẹ́, wọn á wá mú un. Ìwé kóòtù nìkan ló lè tú u sílẹ̀.

Mo ní kí ó lọ sọ gbogbo rẹ̀ fún Alága bó ti sọ ọ́ fún mi. Ó wò mí bí ẹni tí orí rẹ̀ kò pé.

"Ní gbangba kóòtù? Kí wọ́n máa fi ọmọ náà kọrin? Ọkùnrin tó fẹ́ ìyá rẹ̀! Ta ni yóò fún un ní ọmọ rẹ̀ fẹ́? Òun náà kò lè kọ̀ mí; wọ́n á ní ó lé opó ẹ̀gbọ́n rẹ̀ sígboro. Rárá. Ìwọ lo mọ ìwé. Wá ìdí mìíràn fún mi."

Ẹnì kan nílò mi. Mo sáré wọlé lọ gbé ìwé, mo gbá orí mọ́ àtẹ́rígbà.

Ọjọ́bọ̀, 15

Mo ka àwọn ìlà pupa fún un. Panṣágà. Ó ní, "Ràsáàkì? Pẹ̀lú ta ni?" Ìpatì. Ó ní, "Ibo ló pa mí tì lọ? Ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ nìyẹn, mò ń wo orí rẹ̀ láti ibí." Ó ku ìwà ìkà. Mo sọ fún un pé ìwà ìkà ló máa ń yá jù. N kò mọ ibi tí mo ti rí i pé ó máa ń yá. Ó kàn dùn ún sọ.

A ṣe ìdánrawò. Mo ṣe Alága, mo wúkọ́.

"Àwáwù, kí ló dé tí o fẹ́ kọ ọkọ rẹ?"

"Ó ń nà mí, Baba."

"Kí ló fi ń nà ọ́?"

Ó wò mí. "Kí ló fi ń nà mí, Lọ́yà?"

Mo ní kí ó mú nǹkan tó bá wà nítòsí ọkọ rẹ̀. Ó ronú. "Pọ́ǹpù kẹ̀kẹ́." Kò tíì sọ ọ́ tán tó fi bú sẹ́rìn-ín, ó fi ọwọ́ tó kún fún òrí bo ẹnu. Mo kìlọ̀ fún un gidigidi pé ẹnikẹ́ni kì í rẹ́rìn-ín ní kóòtù. Ó ní kò burú, òun á máa ronú nípa ikú ọkọ òun.

Mo mọ Alága ṣe o. Níwájú ènìyàn kan àti adìyẹ mẹ́ta, kò sí adájọ́ tó tó mi.

Ọjọ́ Ẹtì, 16

Ó ti pẹjọ́. Akódà kóòtù gbé sámáńsì lọ fún Ràsáàkì ní ṣọ́ọ̀bù. Mo dúró lókèèrè lẹ́yìn igi, mò ń wò. Ó nu ọwọ́ nù lára ṣòkòtò kí ó tó gbà á. Akódà kà á fún un. Ó mi orí. Ó padà sí ìdí kẹ̀kẹ́ tó ń tún ṣe.

Ní ìrọ̀lẹ́ ó wólẹ̀ kí i bó ti máa ń ṣe. Ìyá Mùstàfá gbé oúnjẹ sílẹ̀, ó sá wọ yàrá. Mo gbọ́ tó ń fọn imú.

Ọjọ́ Àìkú, 18

Ràsáàkì bá mi lẹ́yìn ilé. Àkọ́kọ́ ọ̀rọ̀ tó bá mi sọ yàtọ̀ sí ìkíni. Ó ní, "Lọ́yà, bí ọkùnrin bá dé kóòtù tó gbà pé òun jẹ̀bi, ṣé ẹjọ́ náà á tètè parí?"

Inú mi dùn pé wọ́n tún bi mí ní ìbéèrè. Mo ní bẹ́ẹ̀ ni, kíákíá ni. Ó ní, "Ó ṣeun." Ó lọ.

N kò bi í pé kí ló fẹ́ fi ṣe. Ẹni tó ń dáhùn ìbéèrè kì í ráyè béèrè.

Ọjọ́bọ̀, 22

Kí ilẹ̀ là kí ó gbé mi mì. Kí ó fi eruku pupa bò mí.

Ìyá Mùstàfá sọ̀rọ̀ dáadáa. Kò rẹ́rìn-ín. Ó ní ó ń na òun. Baba Ìwúkọ́ bi í pé pẹ̀lú kí ni.

"Pọ́ǹpù kẹ̀kẹ́, Baba."

"Èyí tí wọ́n fi ń fẹ́ táyà?"

"Òun ni."

Àwọn ènìyàn bẹ̀rẹ̀ sí í kùn. Baba Ìwúkọ́ yíjú sí Ràsáàkì. "O gbọ́. Ṣé òótọ́ ni?" Gẹ́gẹ́ bí ìwé mi, ibí ni yóò ti sẹ́, tí a ó sì pe ẹlẹ́rìí, tí n kò tíì ronú nípa wọn rárá.

Ràsáàkì ní, "Òótọ́ ni."

"O nà án?"

"Mo nà án."

"Níbo lára?"

Ó wo Ìyá Mùstàfá bí ọmọ ilé-ìwé tó gbàgbé ìdáhùn. "Ibi tó bá sọ, Baba."

Kóòtù bú sẹ́rìn-ín. Baba Ìwúkọ́ nìkan ni kò rẹ́rìn-ín. Ojú rẹ̀ ti pọ́n. Ó ní, "Opó tí ẹ̀gbọ́n rẹ fi sílẹ̀ pé kí o tọ́jú, pọ́ǹpù lo fi ń tọ́jú ẹ̀. Akódà, mú un. Kí ọlọ́pàá wá gbà á lọ́wọ́ wa."

Akódà di ọrùn ẹ̀wù rẹ̀ mú. Ó kàn dìde, ó ń bá a lọ wọ́ọ́rọ́wọ́. Ohun tó tìtorí rẹ̀ wá nìyẹn: ó fẹ́ kí obìnrin náà bọ́, òun á lọ sí àtìmọ́lé. Èmi ló sì sọ fún un pé kíákíá ni.

Ìgbà náà ni Ìyá Mùstàfá fò dìde.

"Ẹ fi í sílẹ̀! Irọ́ ni! Ta ló nà mí? Ọmọ tí kò lè lé adìyẹ kúrò nídìí àgbàdo!" Ó ti já ọwọ́ akódà dànù, ó ń tún ọrùn ẹ̀wù Ràsáàkì ṣe níwájú gbogbo ayé.

"Ìwọ lo sọ pé ó nà ọ́," Baba Ìwúkọ́ wí.

"Mo purọ́, Baba."

"Ìwọ ńkọ́?"

"Èmi náà purọ́, Baba."

"Olùpẹjọ́ purọ́. Olùjẹ́jọ́ bá a gbè é. Ta ló kọ́ yín ní eléyìí?"

Àwọn méjèèjì kò wò mí. Ìyẹn ló burú jù. Mo gbé ojú sókè, mo ń yẹ àjà kóòtù wò bí ẹni tó fẹ́ rà á.

Ó wúkọ́ lẹ́ẹ̀mejì. Kí wọ́n padà wá ní Ọjọ́bọ̀ tó ń bọ̀ pẹ̀lú òótọ́. Bí kò bá sí òótọ́, ẹjọ́ ti dànù nìyẹn. Níta, Baálé kò pariwo. Ó kàn ní wọ́n ti fi ilé òun ṣe yẹ̀yẹ́ tó, òun kò dúró de àwẹ̀ mọ́. Bí kóòtù bá ti lé wọn padà lọ́sẹ̀ tó ń bọ̀, òun á gbà á lọ́jọ́ náà.

Ọjọ́ Ẹtì, 23

Àwọn ọmọdé àdúgbò ti ní orin pọ́ǹpù. Ó dùn. Mo bá ara mi níbi tí mo ti ń fi imú kọ ọ́.

Ọjọ́ Àbámẹ́ta, 24

Mo ka orí kìíní ìwé mi. N kò kà á rí. Mo máa ń rò pé orí kìíní ni òǹkọ̀wé ti ń kí ẹbí àti ará. Ohun tó wà níbẹ̀ rèé, kedere, kò tilẹ̀ fara pamọ́: òfin yìí kò kan ìgbéyàwó tí a bá ṣe ní ìlànà ìbílẹ̀. Gbogbo ìlà pupa mi, àwọn tó lọ fọwọ́ sí ìwé ní ọ́fíìsì ìjọba ló ni ín. Ní kóòtù tiwa, kí ènìyàn dé ibẹ̀ kó ní òun kò fẹ́ mọ́, kó sì sọ ìdí tó bá wà nínú rẹ̀, ó tó.

Mo ti kọ́ obìnrin kan ní irọ́ tí kò nílò. Mo fẹ́rẹ̀ẹ́ rán ọkùnrin kan lọ sẹ́wọ̀n. Kí ni n óo ṣe ní ọdún kẹta?

Mo lọ sọ fún un. Mo rò pé yóò da omi òrí lé mi lórí. Ó ní, "Ṣé pọ́ǹpù yẹn, lásán la ṣe é?" Mo ní lásán ni. Ó rẹ́rìn-ín títí ó fi jókòó sílẹ̀. Nígbà tó yá ó nu ojú.

"Kí ni mo fẹ́ sọ báyìí?"

"Ìdí tó wà níbẹ̀ gan-an."

"Ìyẹn ni mo bẹ̀ ọ́ pé kí o bá mi sá fún, Lọ́yà."

Ó padà sí òrí tó ń po.

Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, 27

Baálé ra ẹní tuntun. Ó ní kí wọ́n sá a sí àárín agbo ilé. Gbogbo wa ń gba ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ kọjá.

Ọjọ́bọ̀, 29

Mò ń sáré kọ èyí, ẹ̀yin ìlà, ẹ jọ̀ọ́.

Ènìyàn kún kóòtù dé ẹnu ọ̀nà. Orin pọ́ǹpù ló kó wọn wá. Baálé wà níwájú, agbádá rẹ̀ gba àyè ẹni méjì. Baba Ìwúkọ́ ní, "Àwáwù, lọ́sẹ̀ tó kọjá, pọ́ǹpù ni. Lónìí ńkọ́?" Wọ́n rẹ́rìn-ín. Ó dìde. Ó wo Ràsáàkì, Ràsáàkì ń wo ilẹ̀. Ó dákẹ́ pẹ́ débi pé ẹ̀rín tán lẹ́nu wọn, wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í wo ara wọn. Baálé ti ń kó agbádá jọ láti dìde.

Mo dìde. Ẹnikẹ́ni kò pè mí. Mo ti pinnu láti sọ gbogbo rẹ̀, kí wọ́n lé mi kúrò. Mo la ẹnu. Mo sín. Eruku. Mo tún sín. Baba Ìwúkọ́ ní, "Pẹ̀lẹ́. Jókòó." Mo jókòó. Akọni.

Nígbà náà ni Ìyá Mùstàfá sọ̀rọ̀. Kì í ṣe Alága ló kọ́kọ́ bá sọ̀rọ̀.

"Eyínmẹ́nugún, ẹ foríjì mí. Bí n kò bá sọ ọ́, ibi tí à ń lọ burú ju ibí lọ."

Ó wá kọjú sí iwájú. "Baba, èmi ni mo pọ̀n ọ́n tó fi mọ ìrìn. Èmi ni mò ń fọ ìdí rẹ̀. Nígbà tí ìyá rẹ̀ kú, àyà mi ló ń fi ọwọ́ wá kiri. Àyà tí kò tíì ní omi nínú. Mo jẹ́ kó máa wá a, kó lè rí oorun sùn. Àyà kan náà ni wọ́n ní kí n tún gbé fún un gẹ́gẹ́ bí aya. N kò lè ṣe é. Òun náà kò lè ṣe é. Kò sí ìjà. Kò sí ebi. Ẹnikẹ́ni kò na ẹnikẹ́ni."

Ọkùnrin kan lẹ́yìn bẹ̀rẹ̀ ẹ̀rín. Obìnrin tó jókòó tì í gbá a létí. Kò tún sí ẹlòmíràn tó rẹ́rìn-ín.

Baba Ìwúkọ́ rọra bi Ràsáàkì pé kí ló rí sí i. Ràsáàkì ní, "Bó ṣe sọ ọ́ ni, Baba. N kò mọ ìyá mìíràn." Omijé ń dà lójú rẹ̀, kò nù ún. Mo wò ó dáadáa: kì í ṣe ojú ẹni tí wọ́n dójú tì. Ojú ẹni tí wọ́n bá sọ ẹrù kalẹ̀ ni.

Baálé dìde. "Àṣà ilé wa ni. Bí ọmọdé kò bá lè ṣe é, àgbà wà."

"Àgbà wà, Alhaji," Baba Ìwúkọ́ wí. "Ṣùgbọ́n opó tí kóòtù bá tú sílẹ̀ ti kúrò nínú ogún. Ẹ kò lè tún un pín. Owó orí pàápàá, òkú ló san án. Ẹ jẹ́ kó wá bèèrè rẹ̀ fúnra rẹ̀. Ẹ jókòó, ẹ̀yin àgbà."

Ó wúkọ́. Lẹ́ẹ̀kan!

"Kóòtù yìí tú ìgbéyàwó náà ká. Akọ̀wé, kọ ìdí rẹ̀: kò sí ìfẹ́ láàárín wọn."

Bẹ́ẹ̀ ni wọ́n máa ń kọ ọ́ fún gbogbo ènìyàn. Ládòkun ti kọ ọ́ dé ààbọ̀.

"Rárá o, Baba," Ìyá Mùstàfá wí. "Ẹ má kọ ìyẹn."

"Mo ti tú ọ sílẹ̀. Kí lo tún ń fẹ́?"

"Ẹ má kọ ọ́ pé kò sí ìfẹ́. Mo ti purọ́ lẹ́ẹ̀kan níwájú yín, ẹ ní kí n má tún purọ́ mọ́. Ìfẹ́ wà níbẹ̀. Òun gan-an ni kò jẹ́ kó ṣeé ṣe."

Ládòkun gbé kálàmù sókè. Baba Ìwúkọ́ wo ìwé, ó wo òrùlé, ó wo èmi.

"Ìwọ ọmọ Ẹ̀pẹ́ tó ń sín. Kí ni wọ́n kọ́ yín pé kí á kọ sí irú eléyìí?"

Mo dìde. Gbogbo ojú Ṣakí wà lára mi. Mo wá gbogbo orí ìwé náà nínú orí mi, àti orí kìíní.

Mo ní, "Baba, a ò tíì débẹ̀."

Wọ́n rẹ́rìn-ín. Ìyá Mùstàfá náà rẹ́rìn-ín. Baba Ìwúkọ́ ní, "Irun mi funfun lórí àga yìí, èmi náà ò tíì débẹ̀." Ó sọ fún Akọ̀wé pé kó pa ti àkọ́kọ́ rẹ́, kó kọ ọ́ pé àwọn méjèèjì ló fẹ́ ẹ bẹ́ẹ̀.

Ọjọ́ Àbámẹ́ta, 31

Ó lọ lónìí, sí ilé bàbá rẹ̀ ní Àgọ́-Àrẹ. Ràsáàkì di àwọn igbá òrí mọ́ orí ọkọ̀, ó fà á, ó tún un dì, ó tún fà á, títí awakọ̀ fi bi í bóyá ìbejì ló wà nínú wọn. Baálé kò jáde. Ẹní ti kúrò ní àárín agbo ilé.

Ìyá Mùstàfá ní, "Lọ́yà, o ṣé é. Má kọ́ ẹlòmíràn ní irọ́ mọ́, o ò mọ̀ ọ́n pa."

Mo fẹ́ sọ ọ̀rọ̀ ńlá kan. Mo ti ń tò ó láti ìdájí. Mo ní, "Ẹ ṣọ́ra fún eruku."

Ọjọ́ Ajé, 2 Fẹ́búárì

Ẹjọ́ àkọ́kọ́ tí mo dá sí láyé mi. A jàre. Èrè rẹ̀ ni pé mo ti lé ẹni tó ń fún mi lóúnjẹ kúrò nílùú.

Ràsáàkì ro ọkà lónìí, ó pè mí sí i. Kókó inú rẹ̀ tó ọmọ ayò. A jẹ ẹ́. A ò wo ojú ara wa. Lẹ́yìn tí a fọwọ́ tán, ó kó àwo jọ.

Ó ní, "Lọ́yà, ọkùnrin tí kóòtù ti tú ìgbéyàwó rẹ̀ ká, ṣé òfin kọ̀ fún un láti lọ sọ́dọ̀ obìnrin náà?"

Mo bi í bóyá ó fẹ́ lọ bẹ̀ ẹ́ pé kó padà ni.

"Áà, rárá. Kí n kàn lọ kí i. Kí n jókòó. Kó bi mí bóyá mo ti jẹun."

Mo ní òfin kò kọ̀ ọ́.

Ó ní ó dáa, Jímọ̀ ni, lẹ́yìn ìrun. Ó ní kí èmi náà múra, àwa méjèèjì la jọ ń lọ. Ó ní òun kò mọ ọ̀rọ̀ sọ bí òun bá dé ibẹ̀, èmi ni mo mọ ọ̀rọ̀ sọ.

Òní ni Ajé. Mo ti fọ ṣẹ́ẹ̀tì mi.